Ìlú Méjì Lórí Erékùṣù Kan: Bí Ìwé Ìròyìn Vineyard Gazette Ṣe Ń Ṣiṣẹ́

Erékùṣù Martha's Vineyard wà ní gúúsù Cape Cod, ní ìpínlẹ̀ Massachusetts ti ilẹ̀ Amẹ́ríkà. Kò sí afárá tó so ó mọ́ ilẹ̀ ńlá. Ẹni tí kò bá wọ bàálù ní láti wọ ọkọ̀ ojú omi, ìrìn náà sì tó nǹkan bí ìṣẹ́jú 45 láti Woods Hole, èbúté tó wà ní ilẹ̀ ńlá. Àwọn tó ń gbé ibẹ̀ tọ̀tútù-tooru lé díẹ̀ ní 20,000 nígbà tí wọ́n ka ènìyàn ní 2020, ṣùgbọ́n tí ìgbà ooru bá dé, iye yìí á di ìlọ́po ìlọ́po. Ìlú mẹ́fà ló ní ìjọba tirẹ̀ lórí erékùṣù náà. Ní ti Vineyard Gazette, ìwé ìròyìn ibẹ̀, ìlú méjì péré ló wà: ìlú onílé àti ìlú àlejò. Ọ̀dọ̀ onílé ni ọ̀rọ̀ inú rẹ̀ ti ń wá, àpò àlejò sì ni èyí tó pọ̀ nínú ìpolówó ọjà rẹ̀ ń wò.

Ìlú kan ṣoṣo ló wà nígbà tó bẹ̀rẹ̀. Edgar Marchant ló tẹ ẹ̀dà àkọ́kọ́ jáde ní Edgartown, ọ̀kan lára ìlú erékùṣù náà, ní ọjọ́ 14 oṣù Karùn-ún 1846, nígbà tí iṣẹ́ pípa ẹja ńlá àbùùbùtán ń bọ́ gbogbo etíkun náà. Ọkọ̀ tó bá gbéra lọ sí òkun Pàsífíìkì lè lo ọdún mẹ́ta tàbí mẹ́rin kó tó rí èbúté ilé, kò sì sí wáyà tó lè mú ohùn àwọn tó wà nínú rẹ̀ wá. Ọ̀nà tí ìyàwó ọ̀gá ọkọ̀ lè gbà mọ̀ pé ọkọ òun ṣì wà láyé ni lẹ́tà tó bá bá ọkọ̀ ẹlòmíràn bọ̀. Ìdí nìyí tí ìròyìn ọkọ̀ fi jẹ́ ojúlówó ìròyìn: ta ló pàdé ta lójú òkun, níbo, àgbá òróró àbùùbùtán, tí wọ́n fi ń tan fìtílà, mélòó ló sì ti wà nínú ọkọ̀ náà, nítorí iye àgbá yẹn ni wọn yóò fi pín owó tí wọ́n bá délé. Lẹ́tà òjé ni wọ́n fi ń tẹ̀wé nígbà náà. Ẹni tó ń to ọ̀rọ̀ á mú wọn lọ́kọ̀ọ̀kan, á tò wọ́n lódìkejì kí wọ́n lè hàn bó ṣe yẹ lórí bébà, tó bá sì tẹ̀wé tán, á tún tú gbogbo wọn padà sínú àpótí. Ẹni tó bá ro iṣẹ́ yìí wò kò ní bi í léèrè mọ́ ìdí tí ìwé ìròyìn ìlú kékeré fi ń jáde lẹ́ẹ̀kan péré lọ́sẹ̀.

Ní 1859 ni wọ́n gbẹ́ kànga epo rọ̀bì ní Pennsylvania. Kẹrosíìnì wọ ilé, òróró àbùùbùtán sì bẹ̀rẹ̀ sí í di ọjà àná. Àmọ́ láti 1835 ni àwọn ọmọ ìjọ Mẹ́tọ́díìsì ti ń pàgọ́ àdúrà sí Wesleyan Grove lórí erékùṣù náà lọ́dọọdún. Àgọ́ aṣọ di ilé pákó kéékèèké tí wọ́n fín ọnà sí lára. Àwọn tó wá gbàdúrà dúró wẹ̀ nínú òkun, wọ́n sì mú àwọn tí kì í gbàdúrà rárá wá. Apá ibẹ̀ ya kúrò lára Edgartown ní 1880, ó sì gba orúkọ Oak Bluffs ní 1907. Báyìí ni ìlú kejì ṣe dé. Àlejò yìí á padà sí Boston tàbí New York nígbà òtútù, ṣùgbọ́n ọkàn rẹ̀ kò kúrò níbi ilé pákó rẹ̀, nítorí náà á san àsansílẹ̀ owó kí ìwé ìròyìn lè máa bá a nílé nípasẹ̀ pósófíìsì. Ohun tó ń wá nínú rẹ̀ kì í ṣe ọ̀rọ̀ ààrẹ tàbí ogun. Ó ń wá ẹni tó kú, ẹni tó ta ilẹ̀, àti bóyá omi èbúté ti di yìnyín.

Àwọn tó mọ ìlú méjèèjì yìí lò jù lọ ni Henry Beetle Hough àti Elizabeth Bowie Hough. Baba ọkọ, tí òun náà jẹ́ olóòtú ìwé ìròyìn ní New Bedford, ló fi Gazette ta wọ́n lọ́rẹ ìgbéyàwó ní 1920. Ọ̀dọ́mọkùnrin náà kì í ṣe aláìmọ̀kan: ní 1918, nígbà tó ṣì wà ní yunifásítì Columbia, òun àti akẹ́kọ̀ọ́ ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ti gba ẹ̀bùn Pulitzer, ẹ̀bùn iṣẹ́ ìròyìn tó lókìkí ní Amẹ́ríkà. Tọkọtaya náà jọ ṣe iṣẹ́ yìí títí ìyàwó fi kú ní 1965. Ìlú kọ̀ọ̀kan nínú mẹ́fẹ̀ẹ̀fà ní akọ̀ròyìn tirẹ̀, tó ń kọ ẹni tó rìnrìn àjò, ẹni tó gbàlejò àti ọmọ ẹni tó gboyè. Joseph Chase Allen ń kọ ti àwọn apẹja. Ní Oak Bluffs, níbi tí ọ̀pọ̀ ìdílé aláwọ̀ dúdú ti ń lo ìgbà ooru, òǹkọ̀wé Dorothy West ló ń kọ tiwọn. Àwọn ọ̀rọ̀ rẹ̀ níbẹ̀ ni Jacqueline Onassis, opó Ààrẹ Kennedy tó di olóòtú ìwé, kà, tó fi rọ̀ ọ́ kó parí ìwé ìtàn àròsọ tó ti wà lọ́wọ́ rẹ̀ láti ọjọ́ pípẹ́. Ẹni tó bá kọ̀wé nípa aládùúgbò rẹ̀ ní Ọjọ́ Ẹtì á pàdé rẹ̀ ní pósófíìsì lọ́jọ́ kejì, ìbáà wù ú ìbáà má wù ú. Ìpàdé yẹn ni olùṣàyẹ̀wò tó le jù lọ fún akọ̀ròyìn erékùṣù: ó ń jẹ́ kí orúkọ àti ọjọ́ orí pé. Kí a má parọ́, ó tún ń jẹ́ kí àwọn ọ̀rọ̀ kan má dé orí ìwé rárá.

Ọ̀rọ̀ ẹyẹ kan fi ohun tí irú ìwé ìròyìn yìí lè ṣe hàn. Heath hen ni wọ́n ń pè é, ó jọ àparò. Ní kùtùkùtù ìgbà ìrúwé, akọ rẹ̀ á fẹ́ àpò aláwọ̀ ọsàn méjì sọ́rùn, á sì máa kùn bí ìgbà tí afẹ́fẹ́ bá ń gba ẹnu ìgò òfìfo kọjá. Wọ́n ti pa á jẹ tán ní ilẹ̀ ńlá kó tó di pé ìjọba ya igbó sọ́tọ̀ fún un lórí erékùṣù náà ní 1908. Ó pọ̀ tó nǹkan bí 2,000 ní 1916, kí iná tó jó igbó náà ní oṣù Karùn-ún ọdún yẹn. Òtútù, àwòdì àti àrùn ṣe ìyókù. Nígbà tí 1928 ń parí lọ, akọ kan ṣoṣo ló kù. Ọjọ́ 11 oṣù Kẹta 1932 ni wọ́n rí i gbẹ̀yìn. Ní 1933 Gazette kọ̀wé ìdágbére fún ẹyẹ náà bí ẹni ń kọ ọ́ fún àgbà ìlú tó papò dà, nítorí nínú ìwé tí ìkéde ikú jẹ́ ìròyìn pàtàkì, òun náà ti di ọmọ ìlú.

Láti ibẹ̀ dé ọ̀rọ̀ ilẹ̀ kò jìnnà. Ní 1959 tọkọtaya Hough dá àjọ Sheriff's Meadow sílẹ̀ láti máa fi ilẹ̀ pamọ́ kí wọ́n má bàa kọ́lé sí i, bẹ́ẹ̀ àwọn tó ń ta ilé àti ilẹ̀ wà lára àwọn tó ń polówó nínú ìwé ìròyìn wọn. Olóòtú tó ń bá oníbàárà rẹ̀ jà lójú ewé kan, tó sì ń gbowó rẹ̀ lójú ewé kejì, kò ní ṣàìní alátakò. Àwọn oníṣòwò erékùṣù náà dá ìwé ìròyìn kejì, Martha's Vineyard Times, sílẹ̀ ní 1984.

Ẹni tó ra Gazette lọ́wọ́ Hough ní 1968 ni James Reston, ìlúmọ̀ọ́ká akọ̀ròyìn New York Times, pẹ̀lú Sally ìyàwó rẹ̀; Richard ọmọ wọn bẹ̀rẹ̀ sí í darí rẹ̀ ní 1975, Hough sì ń bá a lọ láti kọ̀wé síbẹ̀ títí dé ọjọ́ ogbó. Ní ìparí 2010 ló bọ́ sọ́wọ́ Jerome àti Nancy Kohlberg. Ọkọ wà lára àwọn mẹ́ta tó dá ilé iṣẹ́ ìdókòwò KKR sílẹ̀. Ẹ̀ẹ̀mejì ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni Gazette ti tipa bẹ́ẹ̀ bọ́ sọ́wọ́ ẹni tó ti rí jẹ ní ibòmíràn, tí kì í ṣe èrè ìwé ìròyìn ló fẹ́ fi jẹun.

Fún ọ̀pọ̀ ọdún, Ọjọ́ Ìṣẹ́gun àti Ọjọ́ Ẹtì ni Gazette máa ń jáde nígbà ooru, ìpolówó á sì kún inú rẹ̀. Bí àlejò bá ti lọ, Ọjọ́ Ẹtì nìkan ló kù. Ojú ìwé á dín kù, ọ̀rọ̀ á tún padà di ti onílé: ìpàdé ìgbìmọ̀ ìlú, bọ́ọ̀lù àwọn ọmọ ilé ìwé, àti ọkọ̀ tí afẹ́fẹ́ kò jẹ́ kó gbéra láti Woods Hole.