Ẹ Fi Ojú Olójú Sílẹ̀ Bó Ṣe Wà

Ọmọkùnrin kan tún gbé fóònù wá bá mi nísọ̀ fótò mi nílùú Kétu níbí. Ó ya ìyá kan tó ń yan gààrí, ojú ìyá náà dúdú bí ìdí ìkòkò, ó ní kí n bá òun tún un ṣe. Ẹlẹ́ẹ̀kẹta lóṣù yìí! Mo ní, kí lorúkọ ìyá yìí? Kò mọ̀. Òdìkejì títì ló ti yà á.

Mi ò ní pẹ́ lórí ìyẹn. Ẹni tí wọ́n kọ́ nílé mọ̀ pé à ń kí èèyàn, à ń jókòó tì í, ká tó yọ kámẹ́rà. Ní Àjàṣẹ́, ìyẹn Porto-Novo, ará ìlú ni Leonce Raphael Agbodjelou ń yà tí ayé fi mọ̀ ọ́n, wọ́n sì mọ̀ pé ó ń ya àwọn. Ọ̀dọ̀ bàbá rẹ̀, Joseph Moïse, ló ti kọ́ṣẹ́. Kò fara pamọ́ sẹ́yìn igi.

Ìmọ́lẹ̀ ni tèmi. Ohunkóhun tí kámẹ́rà bá rí, àwọ̀ eérú ló fẹ́ sọ ọ́ dà. Ẹ gbé bàbá tó wọ agbádá funfun síwájú ògiri ẹfun lọ́sàn-án gangan: kámẹ́rà á ní ìmọ́lẹ̀ ti pọ̀ jù, á dín in kù, ojú bàbá á di èédú. Ẹ gbé e síwájú yàrá tó ṣókùnkùn: á ní ìmọ́lẹ̀ kò tó, á bù kún un, ojú á máa dán bí ẹni fi epo pa ara. Nítorí náà, ojú onítọ̀hún ni kí ẹ fi ìka tẹ̀ lórí fóònù, kí ẹ fa ìka náà sókè tàbí sísàlẹ̀ títí awọ á fi jọ awọ. Kó jókòó sẹ́nu ọ̀nà, lábẹ́ òrùlé, kó kọjú síta. Oòrùn á bọ́ sórí ilẹ̀ pupa Kétu, ilẹ̀ á dá a padà sábẹ́ àgbọ̀n àti ihò ojú. Iná wo lẹ fẹ́ rà tí yóò ṣe bẹ́ẹ̀? (Ẹ má sì gbé fóònù sún mọ́ imú, imú á di nǹkan míì.)

Àwọn kan ní kámẹ́rà ń fa ẹ̀mí. Bó bá ń fà á ni, àwọn ọmọ tó ń ya ara wọn nígbà ogún lójúmọ́ ì bá ti tán nílẹ̀. Àwọn tí mò ń bá jà ni àwọn tó ń fi áàpù bó èèyàn, tí wọ́n ń pe ara wọn ní fótógíráfà. Ẹni tó ń ta ìpara abóra sàn jù wọ́n lọ; oníbàárà ló fọwọ́ ara rẹ̀ ra tìyẹn.

Àmọ́ èmi náà ti ṣe é rí. Nígbà tí kọ̀ǹpútà ṣì jẹ́ tuntun lọ́wọ́ mi, àwọn ọmọ bàbá kan fẹ́ fótò tí wọn yóò gbé síwájú pósí. Mo fẹ́ kó dán. Mo nu ojú bàbá, mo nù ún, mo nù ún, mi ò mọ̀ pé mo ti nu ìlà ẹ̀rẹ̀kẹ́ wọn mọ́ ọn. Èyí tí mo nù ni mo tọ́jú lé ojúlówó lórí, kò sì sí òmíràn. Àbúrò bàbá, ìyá arúgbó kan, dúró síwájú férémù náà, wọ́n wò ó pẹ́. Wọ́n ní, "Ọmọ ta nìyí?"

Lálẹ́ ọjọ́ yẹn, mo fi bíróò fa ìlà padà sórí fótò náà. Ìyá jókòó tì mí, wọ́n fi ìka kan lé ẹ̀rẹ̀kẹ́ tiwọn, wọ́n ń fi ọwọ́ kejì tọ́ka: "Kì í ṣe ibẹ̀. Ó kù díẹ̀ sísàlẹ̀."