Ọmọ Ń Fi Owó Ránṣẹ́, Ṣùgbọ́n Kì Í Bá Wa Sọ̀rọ̀

Nínú iṣẹ́ ìdámọ̀ràn ìdílé tí mò ń ṣe nílùú Òṣogbo, ohun tó ń dun ọ̀pọ̀ òbí kì í ṣe pé ọmọ kò tọ́jú wọn. Ìyá lè máa gbé ní Òkè-Fíà kí ọmọ rẹ̀ wà ní Èkó, kí ó máa fi owó ránṣẹ́ lóṣooṣù, kí ó sì wálé lásìkò ọdún Ọ̀ṣun nínú oṣù kẹjọ, síbẹ̀, bí wọ́n bá ti béèrè àlàáfíà ara wọn tán, ọ̀rọ̀ a tán lẹ́nu àwọn méjèèjì.

Murray Bowen, oníṣègùn ọpọlọ ará Amẹ́ríkà, fi ọ̀rọ̀ yìí kún ẹ̀kọ́ rẹ̀ nípa ìdílé lọ́dún 1975. Ó ní ẹni tó jìnnà sí òbí nítorí aáwọ̀ tí kò yanjú kò tíì bọ́ nínú aáwọ̀ náà, ó sì lè gbé e wọ ilé ọkọ tàbí aya rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni èèyàn lè máa bá òbí gbé inú ilé kan náà kí ọkàn wọn má pàdé. Ìdí nìyí tí n kò fi gbà pé irú ọmọ bẹ́ẹ̀ kò nífẹ̀ẹ́ òbí rẹ̀.

Àwọn àgbà ní bí a bá fi ọwọ́ ọ̀tún na ọmọ, ká fi òsì fà á mọ́ra. Ní ilé púpọ̀, ọwọ́ òsì ni kò ṣiṣẹ́: wọ́n na ọmọ, wọ́n fi í wé ẹ̀gbọ́n rẹ̀, tàbí kí wọ́n fi í sọ́dọ̀ ìbátan fún ọdún púpọ̀ láì béèrè bí ó ṣe ń gbé ibẹ̀.

Ẹ̀yin òbí, “má bínú bí mo bá ṣẹ̀ ọ́” kò tó. Ẹ dárúkọ ohun tó ṣẹlẹ̀: “Mo rántí pé mo fi ọ́ sọ́dọ̀ àǹtí rẹ, o sunkún, mi ò sì wá wò ọ́.” Ẹ má fi àwíjàre tẹ̀ lé e. Mo mọ̀ pé ó ṣòro fún àgbàlagbà láti bẹ ọmọ tó bí, ṣùgbọ́n n kò rí ọ̀nà mìíràn tó dára jù ú lọ. Bí ọmọ bá dákẹ́ fún ọ̀sẹ̀ mélòó kan lẹ́yìn tí ẹ bẹ̀ ẹ́, ẹ má ṣe rán pásítọ̀, ààfáà tàbí ẹ̀gbọ́n ìdílé sí i, torí yóò dà bí ẹni pé ẹ pè é lẹ́jọ́. Ọmọ tí wọ́n ṣì ń nà tàbí tí wọ́n ń halẹ̀ mọ́, ní tirẹ̀, lẹ́tọ̀ọ́ láti jìnnà, kí ẹnikẹ́ni má fi ipá mú un padà.

Bí ọmọ yín bá wá pè yín, ẹ jẹ́ kó sọ̀rọ̀ rẹ̀ dópin kí ẹ tó fèsì, pàápàá bí ohun tó rántí bá yàtọ̀ sí ohun tí ẹ̀yin rántí.