Owó tí òyìnbó san lórí orí idẹ Ifẹ̀

Bí mo bá sọ fún èèyàn pé iṣẹ́ mi ni kí n máa tọ́pa bí ohun ìṣẹ̀ǹbáyé ṣe dé mùsíọ́mù, èsì tí mo sábà máa ń gbọ́ ni, "Ṣebí wọ́n jí wọn ni." Ọ̀pọ̀ ni wọ́n jí lóòótọ́. Ṣùgbọ́n mo bẹ̀ yín, ẹ jẹ́ ká máa wádìí bí ẹrù kọ̀ọ̀kan ṣe kúrò nílé, torí ibẹ̀ ni agbẹjọ́rò àwọn mùsíọ́mù yóò ti kọ́kọ́ dì wá mú.

Ti Ìbíní kò ṣòro. Lọ́dún 1897, ọmọ ogun Gẹ̀ẹ́sì ṣígun wọ̀lú, wọ́n kó ààfin, wọ́n sì lé Ọba Ovonramwen lọ sí Kàlàbá.

Ti Ifẹ̀ ló díjú. Lọ́dún 1938, àwọn tó ń gbẹ́ ìpìlẹ̀ ilé ní agboolé Wúnmọníjẹ̀, nítòsí ààfin Ọọ̀ni, hú orí idẹ jáde, ó lé ní mẹ́wàá. Akọ̀ròyìn òyìnbó kan ra ọ̀kan. Nígbà tó gbé e dé Lọ́ńdọ̀nù, wọ́n tún un rà lọ́wọ́ rẹ̀, ó sì wọ British Museum lọ́dún 1939. William Bascom, ọ̀mọ̀wé ará Amẹ́ríkà, ra méjì ní tiẹ̀. Kò sógun, kò síbọn.

Ta wá ló tà á? Ohun tí wọ́n bá hú nínú agboolé, ti ẹbí ni. Ẹnì kan kì í dá a tà. Orí tó wà ní Lọ́ńdọ̀nù yìí tún dé adé! Èmi ò mọ ẹni tó láṣẹ láti ta ère ọba. Òfin Nàìjíríà tó fẹsẹ̀ múlẹ̀ lórí irú ẹrù bẹ́ẹ̀ kò sì dé títí di 1953. Ṣùgbọ́n Bascom tó fowó rà dá méjèèjì padà lọ́dún 1950.

Òfin tí ilé aṣòfin Gẹ̀ẹ́sì ṣe lọ́dún 1963 ni British Museum ń fà yọ bí ọ̀rọ̀ dídá ẹrù padà bá délẹ̀, torí kò fi bẹ́ẹ̀ gbà wọ́n láyè láti yọ nǹkan kúrò nínú ẹrù wọn. Mùsíọ́mù Horniman, ní Lọ́ńdọ̀nù kan náà, kò sí lábẹ́ rẹ̀. Lọ́dún 2022, ó sọ ẹrù Ìbíní 72 di ti Nàìjíríà. Nítorí náà, ilé aṣòfin wọn ló yẹ ká kọjú ìjà sí.

Ẹ sì fetí sí ìròyìn dáadáa. Ẹrù Aṣanti 32 tó dé Kumasi, ní Gánà, lọ́dún 2024, ṣe ni àwọn mùsíọ́mù Gẹ̀ẹ́sì kàn yá wọn, wọn ò dá wọn padà pátápátá. Mi ò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni yá Ifẹ̀ ní orí yẹn. Inú ilẹ̀ kan náà ni òun àti méjì tí Bascom dá padà ti jáde.