Ibi Tí Olè Fíìmù Ti Wọlé sí Tíátà Yorùbá

Bí a bá ti dárúkọ olè fíìmù, Telegram ni àwọn èwe máa ń nawọ́ sí, àwọn àgbà á ní ọjà Alábà ni. Kò rí bẹ́ẹ̀. Olè yìí ti dàgbà kí íntánẹ́ẹ̀tì tó dé.

Ẹ jẹ́ ká lọ sí Ọ̀yọ́ Ilé. Ní oṣù Èrèlé 1826, òyìnbó arìnrìn-àjò kan, Clapperton, wòran lójú Aláàfin. Ó rí àwọn tó fi àpò bora jó, ó rí òṣèré tó di erè, ó sì rí eégún òyìnbó, funfun báláú, tó rù hangogo bí ẹni tí òtútù ń pa, tó ń fín áṣáà, tó ń fọwọ́ ra ọwọ́. Iṣẹ́ alárìnjò nìyẹn, àwọn òṣèré tó ń ṣeré kiri láti ìlú dé ìlú, tó ti inú egúngún jáde. Ta ló fẹ́ jí irú eré bẹ́ẹ̀? Ó dá mi lójú pé ẹgbẹ́ kan á máa yá orin àti ẹ̀fẹ̀ ẹgbẹ́ kejì lò. Àmọ́ ẹni tó bá fẹ́ rí eré náà gan-an, àfi kí òṣèré wá síbẹ̀. Hubert Ògúǹdé tó dá ẹgbẹ́ tíátà tirẹ̀ sílẹ̀ ní 1945 kò yà kúrò lójú ọ̀nà yẹn: ìlú dé ìlú ni.

Fíìmù Yorùbá dé ní 1976, àwọn onítíátà sì ń bá àṣà yẹn lọ. Ẹni tó ni fíìmù á gbé rólù tí wọ́n ká fíìmù sí sínú mọ́tò, á háyà gbọ̀ngàn, á dúró ti ẹ̀rọ títí eré á fi parí, á sì gbé rólù rẹ̀ padà. Àwọn kan ní ìfura ló fà á. Ọgbọ́n alárìnjò ni mo kà á sí.

Kásẹ́ẹ̀tì fídíò ló ba ọgbọ́n yẹn jẹ́. Ní 1982, Baba Sàlá wa, Moses Ọláìyá Adéjùmọ̀, ọmọ Ìjẹ̀ṣà, gbé Ọ̀run Móoru jáde. Àwọn aládàkọ rí i gbà, wọ́n sọ ọ́ di kásẹ́ẹ̀tì, ẹni tó yẹ kó ra tíkẹ́ẹ̀tì wá ń wò ó ní pálọ̀ ilé rẹ̀. Gbèsè dé bá Baba Sàlá. Fíìmù Yorùbá ti ń rìn láìsí ẹni tó ni ín nítòsí. Ọdún yẹn ni mo fi ń bẹ̀rẹ̀ ìtàn olè yìí.

Òfin ẹ̀tọ́ àdàkọ tuntun dé ní 1988. Síídì tẹ̀ lé e, YouTube tẹ̀ lé e. Adé Love, òṣèré tó tún ń ṣe fíìmù, wà lára àwọn tó ń gbé rólù kiri nígbà yẹn. Kúnlé Afọláyan, ọmọ rẹ̀, ti figbe ta nítorí ayédèrú fíìmù tirẹ̀ náà.