Ẹ̀dá Tí Ẹnikẹ́ni Ò Sọ Lórúkọ

Frankenstein ni ọ̀pọ̀ ènìyàn ń pe ẹ̀dá abàmì yẹn. Orúkọ ẹni tó fi ẹ̀yà ara òkú ṣe é nìyẹn, akẹ́kọ̀ọ́ sáyẹ́ǹsì kan tó ń jẹ́ Victor Frankenstein. Ẹ̀dá náà gan-an kò lórúkọ nínú Frankenstein, ìwé ìtàn tí Mary Shelley kọ.

Ọdún 1816 ni ìtàn ọ̀hún bẹ̀rẹ̀. Òkè Tambora tó bú gbàmù ní Indonéṣíà lọ́dún tó ṣáájú ti ba ojú ọjọ́ jẹ́. Òtútù mú, òjò ò sì dá ní Yúróòpù. Mary, ọmọ ọdún 18, wà létí adágún Geneva pẹ̀lú olólùfẹ́ rẹ̀, akéwì Percy Shelley. Nígbà tí òjò há wọn mọ́lé, akéwì Lord Byron tó wà pẹ̀lú wọn ní kí kálukú kọ ìtàn abanilẹ́rù. Wọ́n ń jiyàn bóyá iná mànàmáná lè jí òkú. Ọ̀rọ̀ gidi ni: ní 1803, ní Lọ́ńdọ̀nù, Giovanni Aldini fi iná bátìrì kan òkú ọ̀daràn tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ yẹgi fún. Àgbọ̀n òkú náà gbọ̀n, ojú rẹ̀ kan sì là.

Àmọ́ lójú tèmi, ibòmíràn ni gbòǹgbò ìtàn náà wà. Lọ́dún 1815, Mary bí ọmọbìnrin kan tí oṣù rẹ̀ ò pé. Kò lo ọ̀sẹ̀ méjì tó fi kú. Mary kọ ọ́ sílẹ̀ pé òun lálàá pé òtútù lásán ló mú ọmọ náà, àwọn fi ọwọ́ ra á lára nítòsí iná, ó sì jí. Ó ta jí, kò rí ọmọ.

Ní 1818, ìwé náà jáde, ẹ̀dà 500, láìsí orúkọ òǹkọ̀wé lára rẹ̀. Ní 1823 tí wọ́n ṣe é ní eré orí ìtàgé, ìlà lásán ni wọ́n fà síbi tó yẹ kí orúkọ ẹ̀dá náà wà nínú ìwé ìpolongo eré náà. Mary wò ó, ó sì dùn mọ́ ọn. Nínú fíìmù 1931, àmì ìbéèrè ni wọ́n kọ́kọ́ fi rọ́pò orúkọ Boris Karloff, òṣèré tó kó ipa ẹ̀dá náà. Fíìmù yẹn tún gba ohùn lẹ́nu ẹ̀dá náà, ìyẹn ló dùn mí jù. Nínú ìwé, ẹ̀dá yìí kọ́ ọ̀rọ̀ sísọ níbi tó sá pamọ́ sí, ó ń yọjú wo ìdílé kan láti inú ihò ara ògiri. Ó rí ojú ara rẹ̀ nínú omi, ó ta sẹ́yìn. Nígbà tó yá, ó bi ara rẹ̀ pé: ta ni mí, níbo ni mo ti wá?

Ilé là ń wò ká tó sọmọ lórúkọ. Ayé wo ilé Victor, wọ́n sì fún un lórúkọ ibẹ̀. Bẹ́ẹ̀, lóru tí ẹ̀dá náà lajú, ó wá bá Victor lórí ibùsùn, ó na ọwọ́ sí i. Victor sá lọ.