Ilé lórí táyà: bí International Sweethearts of Rhythm ṣe rin gúúsù Amẹ́ríkà já

Nígbà òfin Jim Crow, tó ya dúdú sọ́tọ̀ kúrò lára funfun ní gúúsù Amẹ́ríkà, olórin adúláwọ̀ tó bá wà lójú ọ̀nà kì í rí òtẹ́ẹ̀lì òyìnbó sùn sí, ilé oúnjẹ wọn kì í sì í gbà á láyè jókòó. Tó bá tún wá jẹ́ obìnrin, ìyà di méjì. Orin kíkọ àti dùùrù títẹ̀ nìkan ni àwọn olórin jazz gbà pé ó yẹ obìnrin. Èyí tó bá fẹ́ fọn trumpet tàbí lu ìlù, wọ́n á ní iṣẹ́ ọkùnrin ló ń dù.

International Sweethearts of Rhythm, ẹgbẹ́ olórin jazz tó jẹ́ obìnrin nìkan, ilé ẹ̀kọ́ ló ti ṣẹ̀. Ní 1937, Laurence Jones tó dá ilé ẹ̀kọ́ Piney Woods sílẹ̀ ní Mississippi kó àwọn ọmọbìnrin jọ kí wọ́n máa fi orin wá owó fún ilé ẹ̀kọ́. Ní 1941 wọ́n já ara wọn gbà lọ́wọ́ ilé ẹ̀kọ́ náà, wọ́n kó lọ sí Arlington ní Virginia.

Bọ́ọ̀sì ni gbogbo ìrìn àjò wọn dúró lé. Inú rẹ̀ ni wọ́n ń sùn, ibẹ̀ náà ni wọ́n ti ń jẹun. Ìlú tó bá tilẹ̀kùn mọ́ wọn, ilé wọn ti wà lórí táyà. Nígbà tí òyìnbó bíi Roz Cron, afọn-saxophone, dara pọ̀ mọ́ wọn ní 1943, ewu mìíràn dé, torí òfin kò gbà kí dúdú àti funfun jọ máa gbé pọ̀ bẹ́ẹ̀. Àtíkè dúdú ni Cron ń kùn sójú kí ọlọ́pàá má baà dá a mọ̀. Àtíkè ò kúkú fi gbogbo ìgbà ṣiṣẹ́: ní ìlú El Paso ní Texas, àtìmọ́lé ló sùn mọ́jú.

Ti ẹ̀tanú sí obìnrin, orin ni wọ́n fi jà á. Eddie Durham, tó ti to orin rí fún Count Basie, gbajúmọ̀ olórí ẹgbẹ́ jazz, wá ń to orin fún wọn. Trumpet Tiny Davis àti saxophone Vi Burnside ló ń pa àwọn tó rò pé obìnrin ò lè ṣe é lẹ́nu mọ́. Ní 1945, àwọn sójà adúláwọ̀ tó wà ní Yúróòpù ló kọ lẹ́tà pé ẹgbẹ́ yìí ni kí wọ́n kó wá bá àwọn.

Owó ni ètò náà ò rójú fún. Dọ́là 1 lójúmọ́ fún oúnjẹ, dọ́là 1 sí i lọ́sẹ̀: dọ́là 8 péré ni ọmọ ẹgbẹ́ ń mú lọ lọ́sẹ̀ níbẹ̀rẹ̀, ó sì pẹ́ kó tó di 15.