Ó ti gbẹ lára, àmọ́ ibo ló gbà lọ?

Ẹni tó ń kun ọ̀dà á da tínà sọ́wọ́, á fi ra ọwọ́ méjèèjì títí dé ìgbọ̀nwọ́, ọ̀dà á sì ṣí kúrò wẹ́rẹ́. Kó tó rí aṣọ ìnuwọ́, ọwọ́ ti gbẹ. Ẹni tó ń tún mọ́tò ṣe náà á fi bẹntiróòlù fọ gírísì. Tí ẹ bá kìlọ̀ fún wọn, èsì wọn kì í ju ẹyọ kan lọ: "Kò ta mí, ó sì ti gbẹ, kí ló tún kù?" Ibẹ̀ gan-an ni àṣìṣe wà. Pé kẹ́míkà gbẹ kò ní kí díẹ̀ nínú rẹ̀ má ti wọ ara, pé kò sì ta ni kò ní kó má ṣe ni léṣe.

Ẹ wo awọ ara fúnra rẹ̀. Ìpele òkè pátápátá, èyí tí hóró rẹ̀ ti kú, kò nípọn ju mìlímítà 0.01 sí 0.02 lọ ní ọ̀pọ̀ ibi lára. Ti àtẹ́lẹwọ́ àti àtẹ́lẹsẹ̀ ló ki jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ọ̀rá ló so àwọn hóró yìí pọ̀ bí amọ̀ ṣe ń so bíríkì. Òun ni kì í jẹ́ kí omi inú ara gbẹ, òun náà ni kì í jẹ́ kí ohun tó wà níta wọlé. Iṣẹ́ tí tínà, acetone (èyí tí wọ́n fi ń yọ ọ̀dà èékánná) àti bẹntiróòlù sì mọ̀ ọ́n ṣe jù lọ ni kí wọ́n yọ́ ọ̀rá. Wọn ò mọ ti ọ̀dà yàtọ̀ sí ti awọ ara. Ìdí nìyẹn tí ọwọ́ fi máa ń funfun, tó ń họ, tó ń sán, tó ń yún ni lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ mélòó kan. Awọ tó bá sì ti sán, ohunkóhun lè gba ibẹ̀ wọlé.

Kì í ṣe gbogbo wọn ló léwu bákan náà, mi ò sì fẹ́ kí ẹnikẹ́ni tìtorí ọ̀rọ̀ yìí sá fún sànítáísà. Èyí tí Àjọ Ìlera Àgbáyé là sílẹ̀ jẹ́ ethanol, ìyẹn ọtí tó wà nínú ọtí mímu, ìdá 80 nínú ọgọ́rùn-ún, tàbí isopropanol, irú ọtí míì tí kì í ṣe mímu, ìdá 75, pẹ̀lú glycerol díẹ̀ tí kì í jẹ́ kí ọwọ́ gbẹ jù. Ìwọ̀n táṣẹ́rẹ́ téèyàn ń fi pa ọwọ́ tí kò ní egbò, bíńtín ló ń dé inú ẹ̀jẹ̀, ẹ̀dọ̀ á sì tètè palẹ̀ rẹ̀ mọ́. Àmọ́ isopropanol yìí kan náà ti sọ àwọn ọmọ kéékèèké di ẹni tí kò mọ ibi tó wà mọ́, nígbà tí àwọn òbí rẹ aṣọ sínú rẹ̀ tí wọ́n fi ń nu ara wọn torí ibà. Ara ọmọ tín-ín-rín, ibi tí wọ́n nù pọ̀, ọmọ sì tún ń fa oru rẹ̀ símú. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má ṣe é fún ọmọ yín.

Methanol, irú ọtí míì tó jẹ́ májèlé, ló ń bà mí lẹ́rù jù. Ó mọ́ gaara bí ethanol, òórùn wọn jọra, ó máa ń gbẹ kíákíá, ó sì máa ń gba awọ ara wọlé. Nínú ara, ó máa ń di formaldehyde, lẹ́yìn náà formic acid, èyí tó ń ba iṣan ojú jẹ́. Wákàtí 12 sí 24 lè kọjá kí ojú tó bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe bàìbàì, nígbà tí ọwọ́ ti gbẹ tipẹ́. Ní 2020, FDA, àjọ tó ń bójú tó oúnjẹ àti oògùn ní Amẹ́ríkà, rí i nínú àwọn sànítáísà kan, wọ́n sì ní kí àwọn èèyàn dà wọ́n nù. Èèyàn 15 ni wọ́n ròyìn ní Arizona àti New Mexico pé ó ṣe léṣe, mẹ́rin nínú wọn kú. Mímu ni wọ́n mu ún, kì í ṣe pé wọ́n fi pa ọwọ́ lásán. Síbẹ̀, kò yẹ kí methanol kan ara ẹnikẹ́ni.

Ti pé kò ta ni ńkọ́? Phenol, kẹ́míkà kan tí wọ́n máa ń fi pa kòkòrò àrùn, máa ń mú kí ibi tó bá kàn kú tipiri bó ṣe ń jó o, ó sì ti pa àwọn tó dà sí lára. Hexane tó wà nínú àwọn gúlù kan kì í sábà ta ni. Tó bá gbẹ, inú afẹ́fẹ́ tí ẹ ń mí ló lọ; oṣù díẹ̀ sí i, ọmọ ìka ọwọ́ àti ẹsẹ̀ á bẹ̀rẹ̀ sí í kú tipiri.

Àwọn kan á ní ìbọ̀wọ́ ń bẹ. Ní August 1996, ìkán díẹ̀ dimethylmercury, májèlé líle kan tó ní mẹ́kúrì nínú, bọ́ sórí ìbọ̀wọ́ látéèsì tí Karen Wetterhahn, ọ̀jọ̀gbọ́n kẹ́mísírì ní Dartmouth College ní Amẹ́ríkà, wọ̀. Ó kú ní June 1997. Àyẹ̀wò fi hàn pé ìṣẹ́jú àáyá 15 ti tó fún kẹ́míkà náà láti la irú ìbọ̀wọ́ bẹ́ẹ̀ kọjá. Ẹ ò lè bá kẹ́míkà yẹn pàdé nílé, àmọ́ bí acetone náà ṣe ń la ìbọ̀wọ́ nitrile (irú rọ́bà kan) tó fẹ́lẹ́ nìyẹn. Rọ́bà butyl ló ń dá acetone dúró. Bẹntiróòlù àti hexane, nitrile ló yẹ wọ́n.

Òróró lè tú ọ̀dà olóròóró tí kò tíì gbẹ lára, kí ẹ wá fi ọṣẹ àti omi fọ̀ ọ́. Aṣọ tí bẹntiróòlù bá rin, ẹ bọ́ ọ kíá, kí iná jìnnà síbẹ̀: aṣọ kì í jẹ́ kó gbẹ, ó sì lè bó awọ bí iná ṣe ń ṣe. Tí orí bá ń fọ́ yín tàbí ojú ń ṣe bàìbàì lẹ́yìn tí kẹ́míkà kàn yín, ẹ gba ilé ìwòsàn lọ kí ẹ sì mú agolo rẹ̀ dání. Oògùn wà fún methanol, àmọ́ kó tó dé ojú ló wúlò jù.